Búrẹ́dì Àná, Wàrà Òní: Bí A Ṣe Ń Fi Ẹyin Dín Sáńwíìsì Ẹlẹ́ran àti Wàrà

  Ẹni tó ń ná Sayedero ní Ìlaròó, ẹni tó ń ná ọjà Ayétòrò, ẹni tó ń ti Ìmẹ̀kọ àti Ìdí-Ìrókò gbé ẹrù wá, Ọlọ́run á jẹ́ kí àtà wa ó máa tà. Àmín.

Ọ̀rọ̀ tí akọ̀wé yín gbé wá lóṣù yìí, ọ̀rọ̀ ọjà méjì tó máa ń pa wá lẹ́kún ni. Èkíní ni búrẹ́dì. Èkejì ni wàrà. Ẹni tó bá ń ta búrẹ́dì mọ̀ pé èyí tí kò bá tà lónìí, ọ̀la ni yóò le. Oníbàárà á na ìka sí i, á tẹ̀ ẹ́ wò, á ní "ìyá, ti àná nìyí," á sì kọjá lọ. Ẹni tó bá ń ta wàrà, tiẹ̀ tún burú jùyẹn lọ. Bí oòrùn bá ti mú, tí kò sì tà títí di ìrọ̀lẹ́, òórùn rẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í yí padà. Ìyá á wá máa pè é ní ẹdinwó, ìdajì owó, títí á fi di èyí tí a kó fún àwọn ọmọ nílé. Owó tó bá ti ń wọlé báyẹn, owó àjọ ló ń jẹ. Ẹ ò rí i pé ọ̀pọ̀ nínú wa tí kò lè dá àjọ pé lópin oṣù, kì í ṣe pé wọn ò tà. Èyí tó ṣẹ́kù sí wọn lọ́wọ́ ló jẹ èrè èyí tí wọ́n tà.

Oúnjẹ kan wà tó lè kó búrẹ́dì àná àti wàrà òní pọ̀, tí a ó fi ẹran díẹ̀ sí i láàárín, tí a ó rì í sínú ẹyin, tí a ó sì dín in nínú òróró díẹ̀. Sáńwíìsì ni àwọn ọmọ wa ń pè é. Ẹ má tíì sọ pé "oúnjẹ òyìnbó nìyẹn, kí ló kàn mí?" Ẹ kà á dé ìsàlẹ̀ ná. Àwọn ọmọ Poli tí wọ́n wà ní Ìlaròó láti ọdún 1979 tí ìjọba àpapọ̀ ti dá ilé ẹ̀kọ́ náà sílẹ̀, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ iṣẹ́ àgbẹ̀ ní Ayétòrò, àwọn awakọ̀ tírélà tó ń lọ tó ń bọ̀ ní ilé iṣẹ́ sìmẹ́ńtì Ìbèsè, gbogbo wọn ló ń jẹ oúnjẹ tí wọ́n lè fọwọ́ mú. Ọ̀dọ̀ ọmọkùnrin tó ń ta ṣawámà lẹ́bàá títì ni wọ́n ń kó owó náà lọ. Àwa tí a ni búrẹ́dì, tí a ni ẹyin, tí a ni wàrà, à ń wò wọ́n.

IBI TÍ OÚNJẸ YÌÍ TI WÁ

Àwọn Faransé ló ni ìpilẹ̀ rẹ̀. Wọ́n ní oúnjẹ kan tí wọ́n ń pè ní croque-monsieur. Búrẹ́dì méjì ni, ẹran ẹlẹ́dẹ̀ àti wàrà líle ti ìlú wọn ló wà láàárín, wọ́n á wá fi iná yan án títí ẹ̀yìn rẹ̀ á fi máa dún kẹ̀rẹ̀kẹ̀rẹ̀ lẹ́nu. Wọ́n ti ń tà á ní ilé oúnjẹ ní Paris láti nǹkan bí ọdún 1910. Nígbà tó dé Amẹ́ríkà, wọ́n rì í sínú ẹyin kí wọ́n tó dín in, wọ́n fi tọ́kì kún ẹran rẹ̀, wọ́n sì sọ ọ́ ní Monte Cristo. Ní California, ilé oúnjẹ kan wà nínú ọgbà eré Disneyland tí wọ́n ń pè ní Blue Bayou, tó ṣílẹ̀kùn ní ọdún 1967. Ibẹ̀ wà lára àwọn ibi tó sọ oúnjẹ náà di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká. Àwọn Amẹ́ríkà tún máa ń bu ṣúgà lẹ́búlẹ́bú lé e lórí, wọ́n á fi jáàmù sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Èyí ò kàn wá o. Ata ni tiwa.

Ohun kan wà tó dùn mọ́ mi nínú ọ̀rọ̀ àwọn Faransé yìí. Búrẹ́dì tó ti le, tí wọ́n rì sínú ẹyin àti mílíìkì kí wọ́n tó dín in, orúkọ tí wọ́n ń pè é lédè wọn ni pain perdu. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni "búrẹ́dì tó sọnù." Ẹ gbọ́ o! Búrẹ́dì tí àwa ń sunkún lé lórí pé ó ti sọnù, àwọn ti sọ ọ́ di oúnjẹ tí wọ́n ń fi owó rà. Bí a bá wá fi ẹran àti wàrà sí i láàárín, kì í ṣe búrẹ́dì tó sọnù mọ́, búrẹ́dì tí a rí he ni.

BÚRẸ́DÌ MÉJÌ NÍ ÌLÚ KAN ṢOṢO

Àwa ará Yewa mọ búrẹ́dì ju ọ̀pọ̀ ènìyàn lọ, nítorí pé oríṣi méjì là ń jẹ. Ní ọjọ́ 10 oṣù Kẹjọ ọdún 1889, àwọn Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé jókòó lọ́dọ̀ wọn lọ́hùn-ún, wọ́n fọwọ́ sí ìwé ààlà. Látàrí rẹ̀, Kétu, Sákétẹ́ àti Pobẹ bọ́ sí ọwọ́ Faransé, àwa bọ́ sí ọwọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ìyá kan náà, bàbá kan náà, èdè kan náà. Ṣùgbọ́n búrẹ́dì yàtọ̀. Àwọn ọmọ ìyá wa lódì kejì ń jẹ búrẹ́dì gígùn tí ẹ̀yìn rẹ̀ le tí inú rẹ̀ ní ihò. Àwa ń jẹ búrẹ́dì inú páànù, èyí tó rọ̀ tó sì kún.

Búrẹ́dì tiwa yìí náà ní ìtàn. Ọmọ Jàmáíkà kan tó ń jẹ́ Amos Shackleford dé Nàìjíríà ní ọdún 1913, iṣẹ́ akọ̀wé rélùwéè ló bá wá. Ní ọdún 1921 ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ búrẹ́dì ní Èkó, ó sì tà á débi tí wọ́n fi ń pè é ní ọba búrẹ́dì. Ẹ̀rọ kan wà tó ń fi irin tẹ ìyẹ̀fun títí á fi dán. Ẹ̀rọ ìtẹ̀ yẹn ló jẹ́ kí búrẹ́dì Agége ó ki, kó má sì tètè fọ́ sínú ẹyin.

Àwọn àgbà inú wa á rántí pé ìjọba fi òfin de àlìkámà tó ń ti òkè òkun wá ní ọdún 1987, wọn ò sì tú u títí di ọdún 1992. Láàárín ọdún márùn-ún yẹn, ìyẹ̀fun búrẹ́dì di góòlù, ààlà wa yìí sì mọ ohun tó gba ọwọ́ rẹ̀ kọjá. Ó tún ṣẹlẹ̀ ní oṣù Kẹjọ ọdún 2019 tí wọ́n ti ààlà ilẹ̀. Wọ́n ṣí ti Sẹ̀mẹ̀ ní oṣù Kejìlá ọdún 2020, ṣùgbọ́n Ìdí-Ìrókò tiwa, ó di oṣù Kẹrin ọdún 2022 kí wọ́n tó ṣí i. Ẹni tó ń ta búrẹ́dì Kútọnu nígbà náà mọ ohun tí ojú rẹ̀ rí. Ìdí tí mo fi ń sọ èyí ni pé, ẹni tó bá gbẹ́kẹ̀lé ọjà kan ṣoṣo, bí wọ́n bá ti ilẹ̀kùn mọ́ ọjà náà, ilé onítọ̀hún ni wọ́n tì. Sáńwíìsì yìí gba búrẹ́dì èyíkéyìí. Bí ti Kútọnu bá wà, ẹ là á ní ìbú kí ẹ sì fẹ̀ ẹ́. Bí kò bá sí, ti inú páànù ṣe é.

WÀRÀ TIWA ÀTI TI ÒYÌNBÓ

Ibí ni mo fẹ́ kí ẹ fara balẹ̀ sí, torí ibí ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ti ń kùnà.

Wàrà òyìnbó, bí iná bá ti bá a, yíyọ́ ló ń yọ́. Á dà bí àtè, á fi búrẹ́dì méjèèjì mọ́ra. Wàrà Fúlàní kì í yọ́. Ẹ dín in, ẹ sè é, ẹ yan án, bó ṣe rí náà ló máa rí, ẹ̀yìn rẹ̀ nìkan ló ń pọ́n. Kí ló fà á? Àwọn ìyá Fúlàní máa ń gbé mílíìkì màlúù kaná títí á fi gbóná, wọ́n á wá fún oje ewé tàbí igi bomubomu sí i. Oje yẹn ló ń jẹ́ kó dì. Iná àti oje náà ti so ó pọ̀ débi pé iná mìíràn kò lè tú u ká mọ́. Nítorí náà, kì í ṣe wàrà ló máa lẹ búrẹ́dì wa pọ̀, ẹyin ni. Ẹni tí kò bá mọ èyí, á dín sáńwíìsì tirẹ̀ tán, bí oníbàárà bá gé e jẹ báyìí, wàrà á já bọ́ sílẹ̀ lódindi. Onítọ̀hún ò ní padà wá.

Ní ìhà Bẹ̀nẹ̀, wagasi ni wọ́n ń pe wàrà yìí. Wọ́n máa ń fi ewé ọkà bàbà sè é kó lè pọ́n lẹ́yìn, ó sì máa ń pẹ́ díẹ̀ torí pé wọ́n ń tún un sè. Èyí tó pọ́n yẹn dára gan-an fún sáńwíìsì, ó le díẹ̀, omi inú rẹ̀ kò pọ̀. Ti funfun tó wà nínú omi wàrà nínú igbá náà dára, àfi kí ẹ fún omi rẹ̀ kúrò.

OHUN TÍ Ẹ MÁA RÀ FÚN SÁŃWÍÌSÌ MẸ́RIN

Búrẹ́dì tí a gé, ẹyọ 8. Ti àná ló dára jù. Búrẹ́dì tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde á mu ẹyin jù, á sì rọ̀ bí ẹ̀kọ tútù.

Ẹyin adìyẹ 4.

Mílíìkì inú agolo, ṣíbí ìjẹun 4. Bí kò bá sí, omi ṣíbí 2 ti tó.

Wàrà, èyí tó tó àtẹ́lẹwọ́ ọmọdé, ẹyọ 4.

Ẹran, ago mílíìkì kan tó kún, èyí tí a ti sè tí a sì ti ya wẹ́wẹ́. Ẹran màlúù, adìyẹ tàbí tọ́kì, gbogbo rẹ̀ ló dára. Súyà tó ṣẹ́kù lálẹ́ àná náà ṣe é, bó bá jẹ́ pé inú fíríìjì ló sùn. Ẹ jẹ́ ká yẹra fún ẹran ẹlẹ́dẹ̀ tí àwọn òyìnbó ń lò. Ìlú wa yìí, àwọn Álháájà pọ̀, àwọn ìyá ìjọ pọ̀, a ò fẹ́ ọjà tí ìdajì ìlú ò ní lè jẹ.

Àlùbọ́sà kékeré 1, ata gbígbẹ díẹ̀, iyọ̀, àti kọ́rì fẹ́rẹ́ bó bá wù yín.

Òróró ẹ̀pà tàbí òróró mìíràn tó mọ́, nǹkan bíi ṣíbí ìjẹun 8 fún mẹ́rẹ̀ẹ̀rin.

BÍ A ṢE Ń ṢE É

Àkọ́kọ́, wàrà. Ẹ fi iyọ̀ díẹ̀ sínú omi, ẹ sè é fún ìṣẹ́jú 10. Ẹ gbé e jáde, ẹ fi aṣọ funfun tó mọ́ wé e, ẹ gbé ọmọ ọlọ tàbí ìkòkò lé e lórí fún bí ìdajì wákàtí kí omi rẹ̀ ó fún jáde. Lẹ́yìn náà ẹ gé ọ̀kọ̀ọ̀kan sí pẹlẹbẹ mẹ́ta. Ẹ má jẹ́ kó nípọn ju ìka ọwọ́ kékeré lọ. Ẹni tí kò bá fún omi rẹ̀, òróró á máa ta sí i lójú, búrẹ́dì á sì rin látinú.

Èkejì, ẹran. Ẹ dín àlùbọ́sà nínú òróró díẹ̀, ẹ da ẹran wẹ́wẹ́ sí i, ẹ bu ata àti iyọ̀ sí i. Ẹ rò ó títí omi rẹ̀ á fi gbẹ. Bí omi bá ṣì wà nínú ẹran, iṣẹ́ tí a ṣe sí wàrà ti bàjẹ́ nìyẹn.

Ẹ̀kẹta, kíkó o pọ̀. Ẹ tẹ́ búrẹ́dì kan, ẹ to wàrà pẹlẹbẹ sí i, ẹ tẹ́ ẹran lé wàrà, ẹ tún to wàrà lé ẹran. Ẹ fi etí búrẹ́dì sílẹ̀ yíká, kí nǹkan má débẹ̀. Ẹ wá fi ìka ìlùwẹ̀ rẹ ẹyin pípò fẹ́rẹ́ sí etí náà yíká, ẹ gbé búrẹ́dì kejì bò ó, ẹ fi àtẹ́lẹwọ́ tẹ̀ ẹ́ pẹ̀lẹ́, kí ẹ sì fi fọ́ọ̀kì tẹ etí rẹ̀ yíká bí ìgbà tí à ń tẹ etí mítípáì. Ẹyin yẹn ni àtè wa.

Ẹ̀kẹrin, rírì. Ẹ po ẹyin, mílíìkì, iyọ̀ àti ata pọ̀ nínú abọ́ pẹrẹsẹ. Ẹ ri sáńwíìsì sí i, ẹ̀gbẹ́ kan, kí ẹ ka ení, èjì, ẹ̀ta, kí ẹ yí i padà, kí ẹ tún ka ení, èjì, ẹ̀ta. Ó tán. Ẹ fi ọwọ́ gbá etí rẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin nínú ẹyin kó lè dí pa. Ẹ má fi í sílẹ̀ sínú ẹyin kí ẹ máa bá oníbàárà sọ̀rọ̀ o.

Ẹ̀karùn-ún, dídín. Iná kékeré ni. Mo tún un sọ, iná kékeré. Ẹ bu òróró ṣíbí 2 sí páànù, kó gbóná ṣùgbọ́n kó má rú èéfín. Ẹ gbé e sí i, ẹ fi bò fún bí ìṣẹ́jú 3 títí ẹ̀yìn rẹ̀ á fi pọ́n bí àkàrà. Ẹ yí i padà, ẹ ṣe ẹ̀gbẹ́ kejì bákan náà. Ẹ wá gbé e dìde ní etí, kí etí náà ó fara kan òróró. Iná ńlá á jó ẹ̀yìn rẹ̀ nígbà tí ẹyin tó wà létí ò tíì jinná. Àwọn tó ń lo èédú, ẹ fa èédú sẹ́yìn kí ẹ tó gbé páànù ka iná.

Ẹ̀kẹfà, ẹ gbé e sórí asẹ́ tàbí pépà kí òróró ó fà, ẹ jẹ́ kó fẹ́ fún ìṣẹ́jú 2, kí ẹ wá fi ọ̀bẹ mímú gé e sí méjì ní igun sí igun. Bí ẹ bá gé e báyìí, oníbàárà á rí funfun wàrà àti pupa ẹran láàárín. Ojú ló ń kọ́kọ́ jẹun.

ÌMỌ́TÓTÓ KÌ Í ṢE Ọ̀RỌ̀ ÀWÀDÀ

Ọjà tó bá pa ènìyàn kan lára, gbogbo ẹgbẹ́ ló máa bá orúkọ rẹ̀ lọ. Ẹ fetí sí nǹkan márùn-ún yìí.

Wàrà tí a rà nínú igbá, ẹ tún un sè kí ẹ tó lò ó, bí mo ṣe wí lókè. Iná àkọ́kọ́ ti pa àìsàn tó wà nínú mílíìkì tútù, ṣùgbọ́n ọwọ́ àti eruku ti bá a lójú ọ̀nà. Bó bá ti kan lẹ́nu tàbí tó ń yọ̀, ẹ dà á nù.

Ẹyin, ẹ gbé e sínú omi kí ẹ tó fọ́ ọ. Èyí tó bá léfòó ti gbó jù. Ẹ fọ́ ọ̀kọ̀ọ̀kan sínú ago lọ́tọ̀ kí ẹ tó dà á sínú abọ́, kí ẹyọ kan tó bàjẹ́ má ba kéréètì jẹ́. Ẹyin tí ẹ po láàárọ̀, ẹ má ṣe lò ó lọ́sàn-án. Díẹ̀ díẹ̀ ni kí ẹ máa pò ó. Lẹ́yìn tí ẹ bá fọwọ́ kan ẹyin tútù, ẹ fi ọṣẹ fọ ọwọ́ kí ẹ tó gba owó tàbí kí ẹ tó fọwọ́ kan èyí tó ti jinná.

Búrẹ́dì ti àná ni mo wí, mi ò wí ti ìjẹrin. Búrẹ́dì tó ti hu èéhù, bó ti wù kó kéré mọ, kò sí ẹyin tó lè bò ó. Kí ẹ sì ra búrẹ́dì lọ́wọ́ ẹni tó ní nọ́ńbà NAFDAC. Wọ́n ti fi òfin de bromate nínú búrẹ́dì, torí ewu àrùn jẹjẹrẹ.

Sáńwíìsì tó ti jinná, ẹ má jẹ́ kó ju wákàtí méjì lọ lórí àtẹ nínú ooru tiwa yìí. Dídín ní méjì méjì, mẹ́rin mẹ́rin, bí oníbàárà ṣe ń dé, ló dára ju kí a dín ogún sílẹ̀ kó máa wò wá lójú.

Ẹni tó bá sì fẹ́ máa ṣe wàrà fúnra rẹ̀, kó mọ̀ pé bomubomu kì í ṣe ewé eré. Oje rẹ̀ kò gbọdọ̀ ta sí ojú, wọn kì í sì í lò ó jù. Ẹ lọ kọ́ ọ lọ́wọ́ ìyá Fúlàní tó mọ̀ ọ́n ṣe.

ÌṢIRÒ OWÓ

Láti ìgbà tí wọ́n ti yọ owó ìrànwọ́ orí epo ní oṣù Karùn-ún ọdún 2023, tí náírà sì wálẹ̀ ní oṣù tó tẹ̀lé e, iye ọjà kì í dúró lójú kan. Nítorí náà mi ò ní sọ iye tí ẹ máa tà á. Ọ̀nà tí a fi ń rí iye rẹ̀ ni mo máa sọ. Owó àpẹẹrẹ ni mo fi ṣe é, ẹ fi ti ọjà yín rọ́pò rẹ̀.

Ká ní ẹ fẹ́ ṣe sáńwíìsì 20. Búrẹ́dì, ẹyin, wàrà, ẹran, òróró àti ata jẹ́ N14,000. Èédú tàbí gáàsì N1,000. Láílọ́ọ̀nù àti pépà N500. Ọkọ̀ N500. Gbogbo rẹ̀ jẹ́ N16,000. Ẹ pín in sí 20, ọ̀kọ̀ọ̀kan ná yín ní N800. Ibí ni ọ̀pọ̀ wa máa ń dúró sí, a ó ní "tí mo bá tà á ní N850, mo jèrè N50." Rárá o! Ẹ̀yin ò ṣírò èyí tó máa jó, èyí tí ọmọ máa jẹ, èyí tí kò ní tà. Ẹ ka 18 dípò 20. N16,000 pín sí 18, ó ń lọ sí bíi N890. Bí ẹ bá tà á ní N1,000, ẹ̀yin máa gba N18,000 lórí 18, N2,000 ló kù. Bí 20 bá tà pé, N4,000. Ẹni tó bá tà á ní N850, tí méjì sì bàjẹ́, N15,300 ló máa gbà, ó ti pàdánù N700 níbi tó ti ń rẹ́rìn-ín sí oníbàárà.

Ẹ kọ ọ́ sílẹ̀. Ẹni tí kò bá lè kọ̀wé, kó bẹ ọmọ. Owó tí a kò kọ, afẹ́fẹ́ ló ń gbé e.

Bí búrẹ́dì àti wàrà bá jẹ́ ti inú àtẹ yín tí kò tà, ẹ má ṣe kà á sí òfo. Ẹ fi iye tí ẹ fi rà á sínú ìṣirò náà, kí ẹ lè mọ̀ bóyá sáńwíìsì ló ń jèrè ni, tàbí ọjà àárọ̀ ló ń bọ́ ọ. Ẹ sì jẹ́ ká lè fọwọ́sowọ́pọ̀. Oníbúrẹ́dì, ẹlẹ́yin àti oníwàrà mẹ́ta lè dá páànù kan sílẹ̀. Ọ̀kan á mú búrẹ́dì wá, ọ̀kan ẹyin, ọ̀kan wàrà, wọ́n á pín èrè bí ohun tí oníkálukú mú wá ṣe tó. Ọjọ́ Òrónna ní Ìlaròó, ọjọ́ tí ilé ẹ̀kọ́ bá wọlé, ọjọ́ ìyàwó, gbogbo rẹ̀ ló jẹ́ ọjọ́ ọjà.

ÀWỌN TÓ Ń GBÉ WÀRÀ WÁ

Ó ku ọ̀rọ̀ kan tí mi ò lè fi sílẹ̀. A ò lè sọ̀rọ̀ wàrà ká má sọ ti àwọn tó ń gbé e wá.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2021, wàhálà ńlá ṣẹlẹ̀ láàárín àwọn àgbẹ̀ àti àwọn darandaran ní Yewa North àti Ìmẹ̀kọ-Àfọ̀n. Ní oṣù Kejì ọdún náà, ẹ̀mí ṣòfò ní agbègbè Ẹ̀gùá, àwọn ènìyàn wa kan sì sá gba ààlà kọjá lọ sí Bẹ̀nẹ̀ pẹ̀lú ọmọ lẹ́yìn. Ọkàn ẹni tí ọ̀rọ̀ náà kàn kò tíì balẹ̀ tán, n ò sì ní sọ pé kí ẹnikẹ́ni gbàgbé òkú rẹ̀. Ìjọba ló yẹ kó ṣe ìdájọ́ lórí ẹni tó pànìyàn, kì í ṣe ọjà.

Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká rántí pé kì í ṣe ìyá tó ru igbá wàrà ló gbé ìbọn. Nígbà tí àwọn obìnrin yẹn kò lè wọ ọjà mọ́, ẹ̀rù ń bà wọ́n, ẹ̀rù ń ba àwa náà, wàrà wọ́n lójú. Oníwàrà tó jẹ́ Yorùbá, tó ń rà á lọ́wọ́ wọn kó tó tún un tà, àtẹ rẹ̀ ṣófo. Ìyá Fúlàní náà ní ọmọ nílé, mílíìkì rẹ̀ sì ń bàjẹ́ sínú igbá. Ìyà kan náà ló jẹ wọ́n méjèèjì, ẹ̀ṣẹ̀ náà ò sì kan ìkankan nínú wọn. Èmi ti jókòó tì wọ́n lọ́jà fún ọdún pípẹ́. Wọ́n gbọ́ Yorùbá, wọ́n mọ orúkọ àwọn ọmọ wa, àwọn kan nínú wọn ń bá wa dá àjọ.

Ohun tí mo ń bẹ yín sí ni pé, bí ìyá oníwàrà bá tún wọ ọjà yín, ẹ jẹ́ kó rí ibi jókòó. Bí ẹnì kan bá fẹ́ fi ọ̀rọ̀ gún un lára torí ohun tí ẹlòmíràn ṣe, kí àwọn àgbà ọjà ó dá a lẹ́kun. Bí ẹ bá rí ohun tó ń kọ yín lóminú nípa ẹnikẹ́ni, Yorùbá ni o, Fúlàní ni o, ẹ kó o wá síwájú àwọn olóyè ọjà, ẹ má fi ṣe òfófó. Ọjà tí a bá fi ìbínú tú, ìkà ní yóò ná an.

Ẹ lọ dán sáńwíìsì yìí wò nílé lákọ̀ọ́kọ́. Ẹ ṣe mẹ́rin, kí àwọn ọmọ ó jẹ ẹ́, kí wọ́n sì sọ òótọ́ fún yín. Ẹ ṣe mẹ́jọ lọ́jọ́ kejì, ẹ fún àwọn aládùúgbò ọjà yín tọ́ wò. Ọjọ́ kẹta ni kí ẹ tó gbé páànù síta. Ẹni tó bá rí ọ̀nà tó dára ju èyí tí mo kọ yìí lọ, kó wá sọ ọ́ ní ìpàdé wa, a ó kọ ọ́ sínú ìwé yìí kí gbogbo wa lè jèrè rẹ̀.

Ọjà á tà o. Àtẹ wa ò ní ṣófo, ọwọ́ wa ò ní ṣófo.

Èmi ni akọ̀wé yín.